Ojú Lọ̀rọ̀ Wà: Iṣẹ́ Ayàwòrán Sinimá àti Ọ̀nà tí Túndé Kèlání Rìn

Bí ènìyàn bá dúró ní Ìpọ̀nrí ní Èkó, tó kọjú sí ìhà Ìgànmú, ilé ńlá kan wà níbẹ̀ tí kò lè ṣàì rí. Ó rí bíi fìlà ọ̀gágun. Ìjọba ológun ló kọ́ ọ parí ní 1976, nítorí FESTAC, àjọ̀dún àṣà àwọn aláwọ̀ dúdú tó wáyé ní 1977. National Theatre ni gbogbo wa ń pè é títí di 2024, nígbà tí ìjọba àpapọ̀ fi orúkọ Wọlé Ṣóyínká sọ ọ́. Ní àwọn ọdún 1980, ibẹ̀ ni àwọn ọ̀gá eré Yorùbá máa ń gbé sinimá tuntun wọn wá. Ẹsẹ̀ lásán ni ará Ìpọ̀nrí lè fi rìn dé ibi tí wọ́n ti ń fi sinimá Hubert Ògúndé hàn, tàbí ti Adéyẹmí Afọláyan, ẹni tí gbogbo ayé mọ̀ sí Adé Love. Bí eré bá sì parí, orúkọ òṣèré ló máa ń wà lẹ́nu èrò títí wọn yóò fi délé. Agbára káká ni ẹnikẹ́ni fi ń béèrè orúkọ ẹni tó ya àwòrán tí a jókòó wò fún wákàtí méjì.

Nítorí ẹni yẹn ni mo ṣe kọ àròkọ yìí. Mo fẹ́ ṣàlàyé ohun tí ayàwòrán sinimá ń ṣe gan-an, ìdí tí iṣẹ́ náà fi le, àti ohun tó ń mú kí ó pẹ́ lọ́wọ́ ẹni tó bá mọ̀ ọ́n. Alàgbà Túndé Kèlání, tí a máa ń pè ní TK, ni mo fi ṣe àpẹẹrẹ. Ẹ̀rọ yíyàwòrán yí padà lọ́wọ́ wọn ju ẹ̀ẹ̀mẹta lọ láàárín àádọ́ta ọdún, síbẹ̀ iṣẹ́ kò bọ́ lọ́wọ́ wọn. Ó hàn pé ohun tí wọ́n mọ̀ kì í ṣe ẹ̀rọ nìkan.

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ojú lọ̀rọ̀ wà. Gbólóhùn yẹn ni gbogbo iṣẹ́ ayàwòrán. Òǹkọ̀wé ló ni ìtàn, olùdarí ló ń sọ fún òṣèré bí yóò ṣe ṣe é, ṣùgbọ́n ìbéèrè kan wà tó jẹ́ pé ayàwòrán ló gbọ́dọ̀ dá a lóhùn: níbo ni ojú òǹwòran yóò dúró sí? Ẹ wo ìyá kan tí wọ́n wá túfọ̀ ọmọ rẹ̀ fún. Bí ayàwòrán bá gbé kámẹ́rà sí ẹnu ọ̀nà, tí a ń wo ìyá náà láti òkèèrè, aládùúgbò ni òǹwòran jẹ́. Àánú ìyá náà ṣe é, ṣùgbọ́n kò lè wọlé. Bí kámẹ́rà bá sún mọ́ ọn débi pé a rí i bí ètè rẹ̀ ti ń gbọ̀n, òǹwòran ti di ọmọ ìyá. Ọ̀rọ̀ kan náà ni òṣèré sọ, omijé kan náà ni ó sun, ṣùgbọ́n ibi tí wọ́n gbé ẹ̀rọ sí ti yí ìtàn padà.

Bẹ́ẹ̀ náà ni gíga àti ìsàlẹ̀. Bí ayàwòrán bá lóṣòó, tó gbójú kámẹ́rà sókè sí ọba, ọba náà yóò ga ju ààfin rẹ̀ lọ. Bó bá gun àkàsọ̀, tó ń wo ọba náà láti òkè, ọba yóò kéré lórí ìtẹ́, a ó sì mọ̀ pé ìṣubú rẹ̀ ti sún mọ́lé kí ẹnikẹ́ni tó lanu sọ ọ́. Lẹ́ńsì tó ń kó ohun púpọ̀ jọ máa ń jẹ́ kí yàrá kékeré dà bíi gbọ̀ngàn. Lẹ́ńsì tó ń fa ohun tó jìnnà mọ́ra máa ń mú ọkọ̀ tó wà lókèèrè wá sẹ́yìn ọrùn ẹni tó fẹ́ sọdá títì, kí àyà òǹwòran lè já.

Gbogbo èyí kì í bẹ̀rẹ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n bá ń ya eré. Ayàwòrán tó mọṣẹ́ yóò ti ka ìwé eré náà lákàtúnkà. Yóò ti lọ wo ilé tí wọ́n fẹ́ lò. Yóò wo ibi tí oòrùn ti ń yọ àti ibi tó ń wọ̀ sí, fèrèsé tó ń gba ìmọ́lẹ̀ wọlé, àwọ̀ ọ̀dà tó wà lára ògiri, àti ibi tí wọ́n lè gbé jẹnẹrétọ̀ sí kí ariwo rẹ̀ má baà ba ohùn òṣèré jẹ́. Kì í sì í dá a ṣe. Ẹnì kan wà tí iṣẹ́ tirẹ̀ kò ju kí ó máa wọn bí òṣèré ti jìnnà sí lẹ́ńsì tó, kí ojú má baà ṣe bàìbàì. Àwọn kan ń tọ́jú iná àti wáyà. Àwọn kan ń gbé irin, pátákó àti aṣọ kiri. Ayàwòrán ni olórí gbogbo wọn, bí aṣọ̀gbà ti jẹ́ olórí àwọn tó ń bá a ro ọgbà.

Èkó ni wọ́n bí Túndé Kèlání sí, ní ọjọ́ 26 oṣù kejì, 1948. Ọmọdé ni wọ́n nígbà tí wọ́n lọ ń gbé lọ́dọ̀ bàbá wọn àgbà ní Abẹ́òkúta, ibẹ̀ náà ni wọ́n sì ti lọ sí ilé ìwé Abeokuta Grammar School. Àwòrán tí kì í rìn ni wọ́n kọ́kọ́ fẹ́ràn. Wọ́n kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ ayàwòrán kí wọ́n tó di ọmọ iṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ amóhùnmáwòrán. Ìpìlẹ̀ yẹn ṣe pàtàkì. Ẹni tó kọ́ṣẹ́ fọ́tò láyé ìgbà yẹn, inú yàrá òkùnkùn ló ti ń fi ọwọ́ ara rẹ̀ fọ fíìmù. Ó ń rí i bí ojú ènìyàn ti ń yọ díẹ̀díẹ̀ lórí bébà nínú omi. Ó ń kọ́ pé àṣìṣe ìmọ́lẹ̀ tó ṣe lánàá ni òun ń rí lónìí. Sùúrù ni ẹ̀kọ́ àkọ́kọ́, ìmọ́lẹ̀ sì ni èkejì.

Ìbàdàn ni ilé iṣẹ́ amóhùnmáwòrán náà wà, WNTV, tí ìjọba Ẹkùn Ìwọ̀-Oòrùn dá sílẹ̀ ní ọjọ́ 31 oṣù kẹwàá, 1959, tó sì jẹ́ ilé iṣẹ́ amóhùnmáwòrán àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà. Ẹ̀kọ́ tí iṣẹ́ ìròyìn ń kọ́ ayàwòrán yàtọ̀ sí ti sinimá, nítorí ìròyìn kì í dúró de ẹnikẹ́ni. Gómìnà kò ní tún ọkọ̀ gùn nítorí pé kámẹ́rà rẹ kọṣẹ́. Iná tó ń jó ọjà kò ní padà sẹ́yìn. Ayàwòrán ìròyìn ń kọ́ láti mọ ohun tó máa ṣẹlẹ̀ kí ó tó ṣẹlẹ̀, láti dúró síbi tó yẹ, àti láti kó gbogbo ìtàn sínú àwòrán mẹ́rin tàbí márùn-ún: ibi tó ti ṣẹlẹ̀, ẹni tó kàn, ọwọ́ tó ń ṣiṣẹ́, ojú ẹni tó ń wò. Lẹ́yìn èyí ni Kèlání lọ sí ilé ẹ̀kọ́ sinimá ní Lọ́ńdọ̀nù, wọ́n sì gba ìwé ẹ̀rí. Wọ́n ṣiṣẹ́ ìròyìn fún BBC àti Reuters pẹ̀lú. Iṣẹ́ Reuters gbé wọn dé Etiópíà nígbà ọ̀dá, ó sì gbé wọn lọ sí Zimbabwe lẹ́ẹ̀mẹta nítorí òmìnira tí orílẹ̀-èdè náà gbà ní 1980. Ẹni tó ti ya ojú ẹni tí ebi ń pa, tó sì ti ya ojú ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gbòmìnira, ó mọ ohun tí a ń pè ní ojú lọ̀rọ̀ wà.

Ẹ jẹ́ ká wá wo ẹ̀rọ tí wọ́n fi ṣiṣẹ́ nígbà náà, nítorí ọmọ òde òní tí fóònù wà lọ́wọ́ rẹ̀ lè má mọ wàhálà tó wà níbẹ̀. Fíìmù jẹ́ ọ̀já tẹ́ẹ́rẹ́ tí wọ́n fi èròjà tó ń gba ìmọ́lẹ̀ kùn lára. Èyí tí wọ́n ń lò jùlọ níbí fẹ̀ tó mìlímítà 16. Àwòrán 24 ni kámẹ́rà ń yà sórí rẹ̀ láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan ṣoṣo. Ojú ènìyàn kò lè yà wọ́n sọ́tọ̀, nítorí náà ó ń rí ìrìn. Fíìmù tí gígùn rẹ̀ jẹ́ 400 ẹsẹ̀ bàtà, bí ìṣẹ́jú 11 péré ni yóò lò tí yóò tán. Owó gidi ni ìṣẹ́jú 11 yẹn. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń jẹ́ kí òṣèré dánra wò lẹ́ẹ̀mẹ́wàá kí wọ́n tó tẹ bọ́tìnì lẹ́ẹ̀kan.

Kíki fíìmù sínú àpótí kámẹ́rà, iṣẹ́ ńlá ni. Bí ìmọ́lẹ̀ bá kàn án, ó ti bàjẹ́. Inú àpò dúdú ni ọmọ iṣẹ́ ń ki ọwọ́ méjèèjì bọ̀, yóò sì fi ìka wá ọ̀nà bí afọ́jú, tí òógùn Èkó yóò máa kán sílẹ̀ lójú rẹ̀. Ooru pàápàá ọ̀tá fíìmù ni, ibi tó tutù ni wọ́n ń tọ́jú rẹ̀ sí. Lẹ́yìn gbogbo àwòrán tó bá dára, wọn yóò ṣí ẹnu ihò kámẹ́rà wò bóyá irun tàbí eruku kan há síbẹ̀, nítorí irun kan ṣoṣo tí ojú fẹ́rẹ̀ẹ́ má rí yóò dà bí okùn nígbà tí wọ́n bá gbé àwòrán náà sórí aṣọ ńlá ní Ìgànmú.

Èyí tó le jù ni pé ayàwòrán kò lè rí ohun tó yà. Ìlú òyìnbó ni wọ́n ń kó fíìmù aláwọ̀ sinimá lọ fọ̀. Ọ̀sẹ̀ a máa yí lu ọ̀sẹ̀ kí èsì tó dé. Nígbà tí yóò fi dé, òṣèré ti fárí, ilé tí wọ́n lò ti kun ọ̀dà mìíràn, òjò ti bẹ̀rẹ̀. Ohun tí ayàwòrán gbẹ́kẹ̀ lé kò ju ẹ̀rọ kékeré tó fi ń díwọ̀n ìmọ́lẹ̀ àti òye tó wà nínú orí rẹ̀. Ó gbọ́dọ̀ ti fi ojú inú rí àwòrán náà kí ó tó yà á. Báyìí ni Túndé Kèlání ṣe ṣiṣẹ́ lórí àwọn sinimá bíi Taxi Driver, Ìyá Ni Wúrà, Ogun Àjàyé àti Aníkúrá, tí àwọn àti òǹkọ̀wé Adébáyọ̀ Fálétí sì tún jọ wà lára àwọn tó gbé Ìdààmú Páàdì Mínkáílù jáde. Nígbà tí olùdarí Bruce Beresford wá ya Mister Johnson ní Nàìjíríà, sinimá Amẹ́ríkà tó jáde ní 1990, Kèlání wà lára àwọn igbá kejì olùdarí, wọ́n sì ṣe eré nínú rẹ̀ pẹ̀lú.

Ní báyìí, ìmọ́lẹ̀. Ibí ni ọkàn iṣẹ́ náà wà, a kò sì nílò ju Ìpọ̀nrí lọ láti kọ́ ọ.

Ẹ jáde ní agogo méje òwúrọ̀. Oòrùn ṣì wà nísàlẹ̀, ó ń ti ẹ̀gbẹ́ kan tàn sí ojú àwọn tó ń dúró de ọkọ̀. Apá kan ojú ń dán, apá kejì wà ní òjìji díẹ̀, imú hàn, ẹ̀rẹ̀kẹ́ hàn, ojú dà bí ère tí wọ́n gbẹ́ dáadáa. Ẹ padà jáde ní agogo méjìlá ọ̀sán. Oòrùn ti dúró sí àtàrí, nítorí Èkó kò jìnnà sí ìlà agbedeméjì ayé. Ihò ojú ti ṣókùnkùn, òjìji imú ti bọ́ sórí ètè, ènìyàn rere dà bí òkú tó jí. Ayàwòrán tó gbọ́n kì í bá oòrùn ọ̀sán jà. Yóò na aṣọ funfun fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ sókè orí òṣèré kí ó fi sẹ́ oòrùn bí a ti ń sẹ́ ògì, tàbí kí ó kó wọn sábẹ́ ọ̀dẹ̀dẹ̀, kí ìmọ́lẹ̀ tó gbá ilẹ̀ tó sì ta padà máa tàn sí wọn lójú.

Ìrọ̀lẹ́ ni gbogbo ayàwòrán ń lépa, nítorí oòrùn yóò ti rọ̀, yóò sì pọ́n. Ṣùgbọ́n oòrùn ilẹ̀ wa kì í lọ́ra wọ̀. Ní Lọ́ńdọ̀nù nígbà ẹ̀ẹ̀rùn wọn, ìmọ́lẹ̀ àṣálẹ́ lè pẹ́ títí. Ní Èkó, láti ìgbà tí oòrùn bá ti wọ̀, bí ogún ìṣẹ́jú lé díẹ̀ ni ilẹ̀ ń lò tí yóò fi ṣú. Ẹni tó kọ́ṣẹ́ ní ìlú òyìnbó tí kò mọ èyí yóò pàdánù àwòrán rẹ̀. Ẹni tó mọ̀ ọ́n yóò ti dánra wò láti agogo márùn-ún, kámẹ́rà yóò ti wà ní ìdúró, kí wọ́n lè ya gbogbo rẹ̀ láàárín ìgbà kúkúrú yẹn. Ọyẹ́ ń ràn wá lọ́wọ́, nítorí eruku rẹ̀ ń tú ìmọ́lẹ̀ ká, ó sì ń jẹ́ kí ohun tó jìnnà dà bí àlá. Ìkùukùu oṣù kẹfà náà ń rọ ìmọ́lẹ̀, àmọ́ ó lè ṣí lójijì láàárín gbólóhùn méjì, kí ọkùnrin bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ nínú òjìji, kí ó parí rẹ̀ nínú oòrùn.

Ìmọ́lẹ̀ tún ní àwọ̀. Ojú wa ń tan wá: ó ń jẹ́ kí aṣọ funfun jẹ́ funfun lábẹ́ oòrùn àti lábẹ́ gílóòbù. Kámẹ́rà kì í purọ́ bẹ́ẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ ọ̀sán wà ní bíi 5600 lórí ìwọ̀n Kelvin, ó sì fara mọ́ àwọ̀ aró. Iná gílóòbù sinimá àtijọ́ wà ní 3200, òun ló pupa bí iná àtùpà. Bí ayàwòrán bá dà wọ́n pọ̀ láìmọ̀, apá kan ojú ọmọ yóò pọ́n bíi pé wọ́n fi osùn kùn ún, apá kejì yóò dà bí ẹni tí wọ́n rì sínú ìkòkò aró. Iṣẹ́ rẹ̀ ni láti mú àwọn méjèèjì bára mu, tàbí kí ó mọ̀ọ́mọ̀ fi wọ́n sílẹ̀ nígbà tí ìtàn bá fẹ́ bẹ́ẹ̀, bí ìgbà tí bàbá àgbà bá jókòó ti àtùpà nínú ilé, tí òṣùpá sì ń wo fèrèsé.

Ọ̀rọ̀ awọ ara wa wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, káàdì tí àwọn tó ń fọ fíìmù ń lò láti fi díwọ̀n àwọ̀, àwòrán obìnrin aláwọ̀ funfun ló wà lára rẹ̀. Ojú tiwa kọ́ ni wọ́n fi ṣe òṣùwọ̀n. Ẹ wá fi agbádá funfun wọ ọkùnrin dúdú kan, kí ẹ fi í jókòó síwájú ògiri funfun. Bí ayàwòrán bá wọn ìmọ́lẹ̀ ara agbádá, ojú ọkùnrin náà yóò di èédú. Bó bá wọn ti ojú láìṣe nǹkan mìíràn, agbádá yóò tàn bíi mànàmáná. Àwọn ayàwòrán wa kọ́ ọgbọ́n tiwọn: kí wọ́n fi ojú ṣe ìpìlẹ̀ ìwọ̀n, kí wọ́n mú ìmọ́lẹ̀ gba ẹ̀gbẹ́ wá kí ó lè máa dán lára awọ, kí wọ́n gbé pátákó funfun síbi tí yóò ti dá ìmọ́lẹ̀ padà sójú, kí wọ́n ní kí òṣèré wọ aṣọ tó rọ̀ díẹ̀ ju funfun kíní-kíní lọ, kí wọ́n má sì fi ẹnikẹ́ni tì mọ́ ògiri. Awọ dúdú kì í ṣe ìṣòro. Ó ń gba ìmọ́lẹ̀ bí omi odò ti ń gbà á, ẹni tó bá mọ ibi tí yóò dúró sí ni yóò rí ẹwà rẹ̀.

Ní 1986, ìjọba gbé ètò àtúntò ọrọ̀ ajé tí a ń pè ní SAP kalẹ̀, náírà sì já wálẹ̀. Fíìmù, lẹ́ńsì àti owó tí wọ́n fi ń fọ fíìmù, owó òkèèrè ni gbogbo wọn. Láàárín ọdún díẹ̀, ẹni tó lè ya sinimá tẹ́lẹ̀ kò lè ra fíìmù mọ́. Fídíò ló gba ipò rẹ̀, téèpù tí kò ní kí a fọ òun, tí ènìyàn lè wò lójú ẹsẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni fíìmù àgbéléwò ṣe bẹ̀rẹ̀, tí Surulere sì di ojúkò àwọn tó ń ṣe é, tí Ìdúmọ̀tà di ọjà rẹ̀.

Ó bí ọ̀pọ̀ àgbà ayàwòrán nínú. Fídíò ìgbà yẹn kò lè gba funfun àti dúdú pọ̀ bíi ti fíìmù, àwọ̀ rẹ̀ sì tètè ń ṣá. Àwọn kan fi iṣẹ́ sílẹ̀. Túndé Kèlání kò fi í sílẹ̀. Ní 1991, wọ́n dá ilé iṣẹ́ Mainframe sílẹ̀, wọ́n sì gbé gbogbo ohun tí fíìmù ti kọ́ wọn wá sórí fídíò: ìdánrawò, ìwọ̀n ìmọ́lẹ̀, ibi tó yẹ kí kámẹ́rà dúró sí. Ti Olúwa Nilẹ̀ jáde ní 1993, Ayọ̀ Ni Mo Fẹ́ àti Kòṣeégbé tẹ̀ lé e, lẹ́yìn náà Ó Le Kú ní 1997, Saworoidẹ ní 1999, àti Agogo Èèwọ̀ ní 2002. Ayàwòrán ti di olùdarí, ṣùgbọ́n ojú ayàwòrán ló ṣì fi ń darí. Nínú Saworoidẹ, a kò kàn gbọ́ ìlù tí ìtàn náà dá lé lórí. A rí ṣaworo, a rí ọwọ́ àyàn, títí ìlù fi di ẹ̀dá kan nínú ìtàn. Ó Le Kú mú ìró àti bùbá kúkúrú padà sáyé, tó fi jẹ́ pé òlékú ni àwọn obìnrin ń pè é lọ́dọ̀ aránṣọ. Ìwé Akínwùmí Ìṣọ̀lá ni ìtàn náà ti wá, ṣùgbọ́n àwòrán ló gbé aṣọ náà dé ọ̀dọ̀ aránṣọ.

Ibí yìí ni mo ti rí àṣírí tó mú iṣẹ́ yìí pẹ́ lọ́wọ́ wọn. Wọ́n fi ara mọ́ àwọn tó mọ èdè. Akínwùmí Ìṣọ̀lá kọ Kòṣeégbé, Ó Le Kú, Saworoidẹ àti Agogo Èèwọ̀. Ọ̀dọ̀ Adébáyọ̀ Fálétí ni ìtàn Thunderbolt, tó jáde ní 2001, ti wá. Ìwé Fẹ́mi Ọ̀ṣọ́fisan ló di MAAMi ní 2011. Ayàwòrán tí kò bá kàwé kò ní mọ ohun tó yẹ kí ó tan ìmọ́lẹ̀ sí.

Ẹ̀rọ tún yí padà. Kọ̀ǹpútà wọ inú kámẹ́rà, téèpù lọ, káàdì kékeré dé. Arugbá jáde ní 2008, Dazzling Mirage ní 2014, Sidi Ìlújìnlẹ̀ ní 2017, Ayinla, ìtàn Àyìnlá Ọmọwúrà, ní 2021. Ẹ̀rọ tuntun yìí ń rí nínú òkùnkùn tí fíìmù kò lè rí nǹkankan, ó sì ń fi àwòrán hàn lójú ẹsẹ̀. Ṣùgbọ́n ó ní ewu tirẹ̀. Nítorí pé kò sí owó fíìmù, ọ̀pọ̀ ń tẹ bọ́tìnì láìronú, wọ́n ń ya ohun tó tó wákàtí mẹ́wàá láti fi wá ìṣẹ́jú kan. Káàdì náà lè kọṣẹ́, kí iṣẹ́ ọjọ́ kan pòórá. Òfin iṣẹ́ ni pé kí a kó àwòrán sí ibi méjì tó yàtọ̀ síra, ó kéré tán, kí a tó pa ti inú káàdì rẹ́. Iná mànàmáná wa pẹ̀lú ní ọ̀rọ̀ tirẹ̀. Ó ń lù ní ìgbà 50 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, nígbà tí ti Amẹ́ríkà ń lù ní 60. Ẹni tó bá fi ètò Amẹ́ríkà sílẹ̀ nínú kámẹ́rà rẹ̀, tó wá ń yàwòrán lábẹ́ iná ṣọ́ọ̀bù ní Ìpọ̀nrí, yóò rí ìlà dúdú tó ń rìn lórí àwòrán. Ẹ̀rọ kò bàjẹ́. Bí ó bá jẹ́ kí ojú kámẹ́rà máa ṣí fún ìdá 50 ìṣẹ́jú àáyá, ìlà náà yóò lọ.

Iṣẹ́ yìí ń lọ láti ọwọ́ dé ọwọ́. Kèlání ṣiṣẹ́ lórí sinimá Adé Love. Adé Love kú ní 1996. Lẹ́yìn rẹ̀, ọmọ rẹ̀, Kúnlé Afọláyan, ṣe eré nínú Saworoidẹ. Nígbà tí Kúnlé di olùdarí, Yinka Edward ló ya The Figurine fún un ní 2009, òun náà ló ya October 1 ní 2014. Ẹ wo October 1 dáadáa: erùpẹ̀ pupa, aṣọ kakí, òjìji inú igbó. Ìmọ̀ ìmọ́lẹ̀ ilẹ̀ wa ló wà níbẹ̀, kò sì ti inú bébà tó wà nínú páálí kámẹ́rà jáde. Kèlání náà kò jókòó lásán. Wọ́n gbé sinimá alágbèéká kiri àdúgbò ní Ìpínlẹ̀ Èkó kí ẹni tí kò lè dé gbọ̀ngàn lè wò ó, wọ́n sì dá ilé ẹ̀kọ́ sílẹ̀ ní Abẹ́òkúta láti kọ́ àwọn èwe.

Ohun kan ń dùn mí nínú gbogbo ìtàn yìí. Púpọ̀ nínú àwọn sinimá tí ará Ìpọ̀nrí fi ẹsẹ̀ rìn lọ wò ní Ìgànmú, ọmọ wọn kò rí wọn wò lónìí. Fíìmù tí a kò tọ́jú síbi tó tutù tó sì gbẹ yóò máa kan bí ọtí kíkan, yóò ká, yóò ya. A mọ̀ pé ìrètí wà. Shaihu Umar, tí Adamu Halilu ya ní 1976, ti fẹ́rẹ̀ẹ́ di ohun ìgbàgbé kí wọ́n tó rí fíìmù rẹ̀ nínú ilé ìpamọ́ ní Jos ní 2016. Wọ́n tún un ṣe, wọ́n sì fi hàn ní Berlin ní 2018. Bí wọ́n bá rí ọ̀kan, a lè rí òmíràn.

Nítorí náà, ohun mẹ́ta ni mo ń bẹ̀bẹ̀ fún. Ẹ̀yin ìdílé àwọn òṣèré àti olóòtú àtijọ́, bí agolo fíìmù bá wà lábẹ́ ibùsùn bàbá yín, ẹ má jù ú nù, ẹ gbé e lọ sọ́dọ̀ àwọn tó mọ̀ ọ́n tọ́jú. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tó fẹ́ yàwòrán, ẹ má tí ì wá owó kámẹ́rà ńlá. Ẹ fi oṣù mẹ́ta wo bí oòrùn ṣe ń rìn lójú ìyá yín ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, láti òwúrọ̀ dé alẹ́, kí ẹ sì fi fóònù yín yà á. Ẹ̀yin òǹwòran, tí eré bá parí, ẹ dúró díẹ̀ kí ẹ tó dìde. Orúkọ yóò máa kọjá lójú yín. Ẹ ka ti ayàwòrán, kí ẹ sì pè é jáde lẹ́nu. Ojú rẹ̀ ni ẹ fi wò ó.